Tíṣà Díẹ̀-Káàtó àti Òkúta Abẹ́ Yìnyín

Irọ́ ni wọ́n ń pa. Gbogbo àwọn tó ń rò ó káàkiri Ẹdẹ pé inú agbada ni Tíṣà Díẹ̀-Káàtó gbé yìnyín wá sípàdé, irọ́ ni wọ́n ń pa mọ́ olóògbé. Inú kúlà ni. Kúlà aláwọ̀ ewé tí ọmọrí ẹ̀ ti sọnù, tó fi àpò sìmẹ́ǹtì bo orí ẹ̀. Àwáwù wà níbẹ̀, ó ṣojú ẹ̀, orí ìwé tó ń kọ lọ́wọ́ gan-an ni omi yìnyín náà dà sí. Ẹni tí kò bá sí níbẹ̀, kó lọ wá nǹkan mìíràn sọ.

Lọ́dún 1984 ni. Àwọn ṣójà ṣẹ̀ṣẹ̀ gbàjọba, mílíìkì di ohun tí à ń tò lọ́wọ̀ọ̀wọ́ fún, bébà ò sì sí lọ́jà mọ́. Àsìkò yẹn gan-an làwọn tíṣà mẹ́sàn-án kan l'Ẹ́dẹ pinnu pé àwọn máa fínnúfíndọ̀ kọ ìwé kan ní èdè Yorùbá, tí gbogbo ìmọ̀ ayé máa wà nínú ẹ̀. Ìwé Ìmọ̀-Gbogbo ni wọ́n sọ ọ́. Kò sẹ́ni tó rán wọn níṣẹ́. Ọ̀sán Sátidé ni wọ́n máa ń pàdé nínú kíláàsì kan lẹ́bàá ojú irin rélùwéè, kálukú á sì gbé ohun tó bá kọ wá. Òfin kan ṣoṣo ló wà níbẹ̀: kò sí àròkọ tó máa wọnú ìwé àfi tí olùyẹ̀wò méjì bá kà á tán, tí àwọn méjèèjì sì buwọ́ lù ú. Bí ẹnì kan nínú wọn bá kọ̀, àròkọ sùn síta nìyẹn.

Ẹnì kan gba àgbàdo, ẹnì kan gba ibà, ẹnì kan gba ìtàn àwọn Tìmì, alága wọn gba òṣùpá. Ló bá kan Tíṣà. Olúfẹ́mi Oyèédélé lorúkọ ẹ̀ gan-an. Ọdún mẹ́rìndínlógójì ló fi kọ́ni ní jọ́gíráfì kó tó fẹ̀yìn tì. Ó dìde, ó tún fìlà ẹ̀ ṣe, ó ní òun máa kọ nípa òkúta tó wà lábẹ́ yìnyín ní ìpẹ̀kun ayé lápá gúúsù.

"Gúúsù ibo?" Alàgbà Adéwálé ló bi í. Alàgbà ni alága wọn, akọ̀wé kóòtù ni tẹ́lẹ̀ rí, kò sì sí ọ̀rọ̀ Yorùbá kan tí kì í fẹ́ẹ́ bá èèyàn jà lé lórí.

"Gúúsù ayé, sà."

"Ṣé ẹ ti débẹ̀ rí ni?"

"Ẹ̀yin tẹ́ ẹ gba òṣùpá, ọkọ̀ wo lẹ wọ̀ lọ?"

Òótọ́ ibẹ̀ ni pé ibi tó tutù jù tí Tíṣà dé rí láyé ẹ̀ ni Jọ́ọ̀sì. Ọjọ́ mẹ́ta péré ló lò níbẹ̀, ọ̀fìnkìn ló sì gbé padà sílé. Àmọ́ ta lèèyàn fẹ́ bi? Alàgbà kọ orúkọ àròkọ náà sílẹ̀, ó yan ara ẹ̀ ní olùyẹ̀wò àkọ́kọ́, ó yan Àwáwù ní ìkejì.

Tíṣà ló kọ́ Àwáwù níwèé. Òun náà ti di tíṣà kẹ́místírì báyìí, ó ti bímọ mẹ́ta, síbẹ̀ bó bá rí Tíṣà lọ́nà, ìró ẹ̀ ló kọ́kọ́ máa ń tún ró. Gbogbo ẹni tó bá gba ọwọ́ Tíṣà kọjá ló mọ ìdí ẹ̀. Láàárín ọdún mẹ́rìndínlógójì yẹn, Tíṣà ò fún ọmọ kankan ní máàkì tó pé rí. Báàrò pupa ló fi máa ń kọ ọ́ sábẹ́ iṣẹ́ ọmọ: *Ó kù díẹ̀ káàtó*. Ní Fọ́ọ̀mù Kẹta, Àwáwù ya Odò Ọya àti gbogbo odò tó ń ṣàn wọ inú ẹ̀, ó fi ọ̀sẹ̀ méjì yà á. Odò kékeré kan péré ló gbàgbé. Ó kù díẹ̀ káàtó. Ó sunkún títí ìyá ẹ̀ fi fẹ́ lọ bá Tíṣà jà nílé.

Alàgbà ló kọ́kọ́ ka àròkọ náà, ìlà kìíní ẹ̀ ló sì ti dúró. Ó ní yìnyín kọ́ ló wà ní ìpẹ̀kun ayé. Ó ní òkè ni yìnyín ti máa ń bọ́ pẹ̀lú òjò, tí á máa gbá òrùlé èèyàn pá-pá-pá. Èyí tó bá tẹ́ sílẹ̀ jẹ́ẹ́, omi dídì ni.

"Yìnyín ni," Tíṣà wí.

"Omi dídì ni."

Sátidé mẹ́ta gbáko ni wọ́n fi ṣe yìnyín-ni omi-dídì-ni. Ẹni tó kọ nípa àgbàdo ò ráyè ka tiẹ̀. Ní Sátidé kẹrin ni Tíṣà gbé kúlà.

Ọ̀dọ̀ àwọn tó ń ta òkú Èkó, ìyẹn ẹja inú yìnyín, ló ti ra odidi bulọ́ọ̀kù kan tí ẹja ṣì há sí nínú. Lórí afárá ni ṣójà kan ti dá a dúró. Ọmọ Ìbàdàn ni ṣójà náà, ó rò pé bàbá yìí wà lára àwọn tó ń kó ọjà pamọ́.

"Bàbá, kí ló wà nínú ẹ̀?"

"Ìpẹ̀kun ayé ni," Tíṣà wí. "Rọra o, ó ń yọ́."

Ṣójà ṣí àpò sìmẹ́ǹtì, ó rí ẹja, inú ẹ̀ dùn. Ó yọ ọ̀bẹ, ó ń gún yìnyín kó lè fa ẹja yọ. Ó gún un títí, ẹja ò mira. Tíṣà ò tiẹ̀ bẹ̀ ẹ́. Ó kàn ká ọwọ́ lẹ́yìn bó ṣe máa ń ká a ní kíláàsì. "Bóo bá gún un dọ̀la, kò ní jáde. Bí òkúta ṣe há sábẹ́ yìnyín lọ́hùn-ún nìyẹn láti àìmọye ọdún. Ṣó yé ọ?"

Ṣójà ní ó yé òun.

"Kí ló yé ọ? Sọ ọ́ kí n gbọ́."

Ṣójà tó gbébọn lọ́wọ́ bẹ̀rẹ̀ sí í ka iṣẹ́ fún Tíṣà lórí afárá. Tíṣà gbọ́ ọ tán, ó ní ó kù díẹ̀ káàtó, ó gbé kúlà ẹ̀, ó ń lọ. Òun ló fẹnu ara ẹ̀ sọ èyí o, a ò lè bá a búra sí i. Àmọ́ ojú ọ̀bẹ wà lára yìnyín yẹn nígbà tó gbé e dé, Àwáwù fojú ara ẹ̀ rí i.

Ó gbé e kalẹ̀ gbì sórí tábìlì. Ó wá yọjú sí fèrèsé, ó pe Ìyá Qúdrát, ìyá tó máa ń dín àkàrà lẹ́nu ọ̀nà ilé-ìwé náà láti àárọ̀ títí dìrọ̀lẹ́.

"Ìyá Qúdrát, ẹ gbà wá, kí lèyí?"

"Òkú Èkó ni, sà."

"Mi ò bi yín léèrè ẹja. Kí ló bo ẹja lára?"

"Yìnyín kẹ̀. Àbí kí la tún fẹ́ pè é?"

"Ṣé òkè ló ti bọ́?"

"Ọ̀dọ̀ àwọn ẹlẹ́ja ló ti wá, sà. Ṣé kò sí nǹkan tó ń ṣe yín?"

Tíṣà yíjú sí Alàgbà. Ibi tí wọ́n ti ń wo ara wọn lómi ti gba etí tábìlì dé orí ìwé tí Àwáwù ń kọ, tó rin ojú-ewé mẹ́fà. Títí dòní, òórùn ẹja ò kúrò lára wọn.

Àmọ́ Alàgbà kì í ṣe ẹni tí ẹja kan lè ṣẹ́gun. Ó gbà fún yìnyín, ó wá ṣí ojú-ewé kẹta. "Ẹ ní wọ́n bá èédú nínú òkúta ibẹ̀. Ẹ ti sọ lójú-ewé kìíní pé igi kan ò hù níbẹ̀, èèyàn kan ò gbé ibẹ̀. Ta ló wá gégi? Ta ló sun ún? Àbí yìnyín ló dáná?"

Wọ́n rẹ́rìn-ín. Àwọn tíṣà, àwọn tó yẹ kó mọ̀, wọ́n ń gbá tábìlì. Ẹ̀rín yẹn ṣì ń dun Àwáwù, torí òun náà rín in. Nítorí pé èédú táwọn ìyá wa fi ń yan àgbàdo ni gbogbo wọn mọ̀, wọ́n rò pé kò tún sí òmíràn.

Tíṣà fi wọ́n sílẹ̀ títí wọ́n fi rín in tán. Ó fọwọ́ bọ àpò, ó mú áńkáṣíìfù kan jáde, ó tú u. Òkúta dúdú pẹlẹbẹ kan ló wà nínú ẹ̀. "Nígbà tí mo wà lọ́mọ ọdún mẹ́wàá, èédú ni ọkọ̀ ojú irin ń jẹ. Láti Enúgu ni wọ́n ti ń wà á nínú ilẹ̀ wá. Ẹ̀gbẹ́ ojú irin tó wà níta yìí ni mo ti ṣa èyí. Ẹ wò ó dáadáa."

Wọ́n gbà á lọ́wọ́ ara wọn. Ojú ewé kan wà lára òkúta náà, tòun ti iṣan tó gba àárín ẹ̀ kọjá.

"Igi lèyí. Ilẹ̀ ló gbé e mì, ilẹ̀ ló sọ ọ́ di èédú, kò sẹ́ni tó dáná sí i. Igi wà ní ìpẹ̀kun ayé náà rí, kí yìnyín tó dé. Igbó ló wà níbẹ̀. Ilẹ̀ tó ti hu igbó rí lẹ ń fi rẹ́rìn-ín."

Alàgbà wúkọ́, ó ní kí wọ́n kọ ọ́ ní èédú ilẹ̀ kó má baà da ọmọdé lójú rú, ó sì buwọ́ lù ú. Ó wá ku ẹnì kan.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń sọ pé ẹ̀san ni Àwáwù gbà, ẹ má ṣe bẹ́ẹ̀ mọ́. Kì í ṣe ẹ̀san. Òun ló dá a lábàá níbẹ̀rẹ̀ pẹ̀pẹ̀ pé ẹnikẹ́ni tó bá kọ nǹkan gbọ́dọ̀ sọ ìwé tó ti kà á, kí irọ́ má baà wọlé. Gbogbo wọn ló fọwọ́ sí i, Tíṣà gan-an ló pàtẹ́wọ́ jù. Àwáwù wá dé ìparí àròkọ Tíṣà, níbi tó ti yẹ kó kọ orúkọ ìwé àti ẹni tó kọ ọ́. Ohun tó bá níbẹ̀ rèé: *Ìwé tí Ìyá Qúdrát fi wé àkàrà fún mi, ẹnu ọ̀nà ilé-ìwé, oṣù Ẹrẹ́nà. Ojú-ewé kẹtàdínláàádọ́ta àti ìkejìdínláàádọ́ta.*

Ó kà á lẹ́ẹ̀mẹta.

"Tíṣà, ẹ jọ̀ọ́ sà, a ò lè kọ báyìí."

"Kí ló dé? Ṣé mi ò kà á ni?"

"Ẹ kà á, sà. Ta ló kọ ọ́?"

"Onímọ̀ ni."

"Kí lorúkọ onímọ̀ náà?"

"Epo ti bo orúkọ ẹ̀."

"Ìwé ìròyìn wo ni, sà? Ọdún wo ni wọ́n tẹ̀ ẹ́?"

"Àwáwù, ìgbà wo la ti rí ìwé tuntun nílé ìkàwé ìlú yìí? Ta ló ń rówó ra ìwé? Ibi tí ìmọ̀ bá gbà wá bá mi ni mo ti gbà á. Bó bá jẹ́ ara àkàrà ló gbà wá, ṣé kí n lé e padà ni?"

Ó dun Àwáwù. Ó dùn ún débi pé ó mú ìwé náà lọ sílé, kò buwọ́ lù ú, kò dá a padà, odidi ọ̀sẹ̀ kan. Àmọ́ ta ló kọ́ ọ pé ohun tó bá kù díẹ̀, ó kù díẹ̀ náà ni? Ní Sátidé tó tẹ̀ lé e, ó mú báàrò pupa, ó kọ ọ́ sábẹ́ ẹ̀: *Ó kù díẹ̀ káàtó*.

Tíṣà wò ó. Ó bọ́ awò ojú, ó nù ún, ó tún wò ó. "Èmi! Àwáwù, èmi! Èmi tí mo kọ́ ọ níbi tí oòrùn ti ń là!" Ó jáde, ó gbàgbé fìlà ẹ̀ sórí àga. Sátidé méjì la ò fi rí i.

Ibi tí wọ́n ti wá rí i ni ìdí àkàrà. Láàárọ̀ kùtù, Tíṣà á ti gbé àpótí ẹ̀ wá, á jókòó ti Ìyá Qúdrát nínú èéfín, á máa yẹ ìwé tí wọ́n fi ń wé àkàrà fáwọn èèyàn wò. Ó ń wá ìyókù ìwé ìròyìn yẹn, bóyá á rí ojú-ewé tí orúkọ wà. "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ n yẹ àkàrà yín wò." Lọ́jọ́ kan, ọkùnrin kan tó ń sáré lọ síbi iṣẹ́ ò dúró, Tíṣà bá tẹ̀ lé e lẹ́yìn, ó ń kà á bó ṣe ń jẹ ẹ́. "Ẹ rọra! Ẹ má tíì ya ibẹ̀! Ẹ gbé ọwọ́ kúrò lórí ìlà kẹta!" Ojú àánú ni ọkùnrin náà fi wò ó. Ó gbé àkàrà tó ṣẹ́ kù fún un tòun ti ìwé, ó ní Ọlọ́run á pèsè.

Bí àwọn aláhesọ ṣe gbé e nìyẹn. Wọ́n ní wọn ò san owó ìfẹ̀yìntì Tíṣà, ló fi ń ṣagbe nídìí àkàrà. Wọ́n ní jọ́gíráfì ti dà á lórí rú. Àwọn ọmọ ẹ̀ gbọ́ ọ n'Íbàdàn, wọ́n fi gàrí ránṣẹ́. Ẹ̀yin èèyàn wọ̀nyí! Ẹni tó jókòó jẹ́ẹ́ tó ń wá òótọ́, kò sẹ́ni tó bá a wá a. Ẹnu nìkan ni gbogbo yín ní.

Àwáwù ò lè fara dà á mọ́. Ó lọ bá a níbẹ̀, ó kúnlẹ̀. "Tíṣà, ẹ jẹ́ ká fi gúúsù ayé sílẹ̀. Ẹ kọ nípa òkúta Ẹdẹ. Òní náà ni màá buwọ́ lù ú."

Tíṣà ò tiẹ̀ wojú ẹ̀, abẹ̀bẹ̀ wà lọ́wọ́ ẹ̀, ó ń bá Ìyá Qúdrát fẹ́ná. "Òkúta Ẹdẹ wà nílẹ̀. Ọmọ tó bá wù ú lè fẹsẹ̀ rìn lọ wò ó. Ibi tí àwọn ọmọ wa ò ní lè dé láéláé ni mo fẹ́ mú wọn dé. Dìde, aṣọ rẹ ń dọ̀tí."

Ó dìde. Tíṣà ní, láìgbójú sókè, "Bóo bá sì buwọ́ lu èyí bó ṣe wà yẹn, mi ò ní dárí jì ọ́."

Ó rí ojú-ewé karùndínláàádọ́ta. Ó rí ìkọkàndínláàádọ́ta. Ó rí ìkejìléláàádọ́ta, àmọ́ ìpolówó ọṣẹ ló wà níbẹ̀. Kò rí orúkọ. Alàgbà ti kéde pé Sátidé tó kẹ́yìn nínú oṣù Ọwẹ́wẹ̀ làwọn máa tẹ ìwé, pé bébà tó wà nílẹ̀ ò ju ìdì kan lọ, ohun tí kò bá ní ìbuwọ́lù méjì lára, kó máa bá tiẹ̀ lọ. Ó ku ọjọ́ mẹ́sàn-án kó pé ni Tíṣà jókòó sórí àga ní pálọ̀ lẹ́yìn oúnjẹ àárọ̀, tí kò dìde mọ́. Ẹni ọdún mọ́kànléláàádọ́rin ni.

Ilé-ìwé ni wọ́n ti wá sọ fún Àwáwù. Inú ló kọ́kọ́ bí i. "Ṣé ó ti lọ ni? Kò tíì rí i ná! Ṣé bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń ṣe é?" Ó gbá pátákó ìkọ̀wé lábàárá, ó jókòó sílẹ̀ níwájú àwọn ọmọ kíláàsì, omijé ò sì dáwọ́ dúró lójú ẹ̀.

Wọ́n sin Tíṣà lọ́jọ́ Ẹtì ọ̀sẹ̀ kejì. Òkú àgbà sì nìyẹn, wọ́n gbọ́dọ̀ dín àkàrà ẹ̀. Ta ni wọn ì bá pè bí kò ṣe Ìyá Qúdrát? Ó wọlé ti agbada lẹ́yìnkùlé ilé Tíṣà, ó ń dín in, ó ń sunkún, ó ń bú èéfín. Àwáwù fà mọ́ ọn pé òun fẹ́ ràn án lọ́wọ́.

"Bá mi fẹ́ná, ọmọ mi."

Àwáwù gba abẹ̀bẹ̀. Kì í ṣe abẹ̀bẹ̀ ojúlówó, páálí ni, tí wọ́n lẹ ìwé mọ́, tí wọ́n fi òwú rán etí ẹ̀ yípo. Èéfín ti sọ ọ́ dúdú. Ó fẹ́ ẹ lẹ́ẹ̀kan, ó fẹ́ ẹ lẹ́ẹ̀mejì. Àtàǹpàkò ẹ̀ tó ń làágùn fa ẹ̀gbin díẹ̀ kúrò lójú ẹ̀. Lẹ́tà kan yọ. Àwáwù fi etí ìborùn ẹ̀ bọ omi, ó nù ún. Orúkọ ìwé ìròyìn yọ. Oṣù yọ, ọdún yọ. Nísàlẹ̀ pátápátá ni wọ́n to ohun tó wà nínú ẹ̀ sí: òkúta abẹ́ yìnyín gúúsù, ojú-ewé kẹtàdínláàádọ́ta, àti orúkọ ẹni tó kọ ọ́.

"Ìyá Qúdrát! Ìgbà wo lẹ ti ní abẹ̀bẹ̀ yìí?"

"Láti inú oṣù Ẹrẹ́nà. Ẹ̀yìn ìwé kan ni, ó nípọn, kò ṣeé wé àkàrà. Kí ló dé?"

"Ìwé tí Tíṣà ń wá nìyí!"

"Ìwé ló ní kí n bá òun wá," Ìyá Qúdrát pariwo, ọmọrogùn ẹ̀ wà lókè. "Kò ní kí n bá òun wá abẹ̀bẹ̀! Ọwọ́ ẹ̀ gan-an ló máa ń wà láràárọ̀! Tó bá ń retí ìwé, òun ló máa ń fi bá mi fẹ́ná!"

Àwọn méjèèjì wo ara wọn. Ẹ̀rín ló kọ́kọ́ pa wọ́n, ẹ̀rín tó mú kí ìyàwó Tíṣà sáré jáde láti wá wo irú ìwà wo lèyí nílé ọ̀fọ̀. Wọ́n sọ ọ́ fún un. Òun náà rẹ́rìn-ín, ó di ògiri mú. "Olúfẹ́mi," ó ń wí, "Olúfẹ́mi, o ò ríran rí." Ibẹ̀ ni ẹ̀rín náà ti di ẹkún mọ́ gbogbo wọn lẹ́nu.

Lọ́jọ́ kejì, Àwáwù gbé àròkọ náà àti abẹ̀bẹ̀ lọ sípàdé. Ó kọ orúkọ onímọ̀ náà, orúkọ ìwé ìròyìn, oṣù àti ọdún. Alàgbà Adéwálé wò ó láti èjìká ẹ̀, ó ní ṣé kò yẹ kí wọ́n wá yọ ìlà Ìyá Qúdrát kúrò báyìí.

"Kò yẹ, sà," Àwáwù wí. "Ọ̀dọ̀ wọn náà ló ti kà á."

Alàgbà ò bá a jiyàn, ó sì ṣòro kí Alàgbà má jiyàn. Fìlà Tíṣà ṣì wà lórí àga ẹ̀, kò sẹ́ni tó gbé e kúrò níbẹ̀. Àwáwù mú báàrò pupa. Ó fa ìlà kan sórí ohun tó ti kọ tẹ́lẹ̀. Ó wá kọ òmíràn sábẹ́ ẹ̀, ohun tí Tíṣà ò kọ fún ẹnikẹ́ni rí láàárín ọdún mẹ́rìndínlógójì, ó sì buwọ́ lù ú.

*Ó tó, sà.*